Ọ̀rọ̀ Kan, Etí Méjì

"O ò ní jókòó? Àbí o fẹ́ kí ọkọ̀ dojú dé ni?"

Èmi ni ọmọkùnrin náà ń bá wí bẹ́ẹ̀. Ẹ̀yin òǹkàwé mi, ẹ dákun, ẹ bá mi wò ó. Ọmọ tí kò lè ju ọdún méjìlélógún lọ, tí ó wọ ṣòkòtò péńpé, tí ó fi ọwọ́ kan di ẹ́ńjìnnì mú, ó ń pe èmi baba ọmọ mẹ́ta ní "o"!

Ọdún 2019 ni. A wà nínú ọkọ̀ ojú omi, a ń ti Àpápá lọ sí Snake Island, iṣẹ́ ìròyìn ni mo sì ń bá lọ. Ìbàdàn ni wọ́n bí mi sí, ibẹ̀ náà ni mo ti ka ìwé mẹ́wàá mi. Ní ilé tiwa, ọmọ tí ó bá pe ẹni tí ó fi ọdún kan péré jù ú lọ ní "o", ìgbátí ni yóò fi gbọ́ èsì. Mo là á mọ́lẹ̀ pé, "Ṣé èmi àti ìwọ jọ ń ṣẹgbẹ́ ni? Wọn ò kọ́ ẹ nílé ni?"

Ọmọ náà wò mí bí ẹni tí kò gbọ́ ohun tí mo wí. Ó ní, "Kí ni mo ṣe fún ẹ?"

Ẹ ò rí i pé ó tún da epo síná! Mo dìde dúró nínú ọkọ̀ kí n lè na ìka sí i lójú dáadáa. Ni ọkọ̀ bá fì sápá kan, àwọn obìnrin kígbe, ọmọ náà sì pa ẹ́ńjìnnì. Ní àkókò yẹn gan-an ni ọkọ̀ òkun ńlá kan ń kọjá lọ sí ìhà Tin Can Island. Ẹni tí ó bá ti wọ ọkọ̀ kékeré lójú omi yẹn rí mọ ohun tí mò ń wí: ọkọ̀ ńlá yóò ti kọjá tán kí ìgbì rẹ̀ tó dé bá ènìyàn. Ìgbì náà gbé wa sókè, ó jù wá sílẹ̀, omi sì rọ́ wọ inú ọkọ̀ títí ó fi mù wá dé ọrùn ẹsẹ̀. Ọmọ náà ò bá mi jà mọ́. Ó tan ẹ́ńjìnnì, ó kọ orí ọkọ̀ sí ìgbì, ó sì ń fi ọwọ́ kejì júwe sí wa pé kí a má mira.

Ìyá kan tí ó gbé agbọ̀n ẹja gbígbẹ sí ẹsẹ̀ ni ó bá mi sọ̀rọ̀ nígbà tí ara rọ̀ wá. Ó ní, "Alàgbà, ẹ má bínú. Ìlàjẹ lọmọ yẹn. Bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ nílé wọn nìyẹn. Bàbá tó bí i lọ́mọ gan-an, 'o' ló máa pè é."

N kò gbà á gbọ́ títí a fi dé èbúté. Ìyá ọmọ náà wà níbẹ̀ tí ó ń dúró dè é. Ọmọ náà bọ́ sínú omi, ó gba ẹrù lórí ìyá rẹ̀, ó sì bi í pé ṣé o ti jẹun. Kò sọ pé ṣé ẹ ti jẹun. Ìyá náà dá a lóhùn, ó rẹ́rìn-ín, ó sì fi àtẹ́lẹwọ́ nu ẹrẹ̀ kúrò léjìká rẹ̀.

Mo wádìí ọ̀rọ̀ náà lẹ́yìn ìgbà yẹn. Nínú ẹ̀ka èdè Ọ̀yọ́ àti Ìbàdàn, tí ó sún mọ́ èyí tí a fi ń kọ ìwé jù lọ, "ẹ" ni a fi ń bá àgbà sọ̀rọ̀, òun náà ni a sì fi ń bá ọ̀pọ̀ ènìyàn sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n láàárín àwọn Ìlàjẹ, àwọn Ìkálẹ̀ àti àwọn Oǹdó, ọ̀pọ̀ ènìyàn nìkan ni irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ wà fún. Ẹnì kan, ẹnì kan náà ni, ìbáà jẹ́ bàbá ẹni. Ọ̀wọ̀ tiwọn wà nínú ìkíni, nínú ohùn, nínú ẹrù tí wọ́n ń gbà lórí ìyá. Ìlàjẹ kan tí mo rojọ́ náà fún rẹ́rìn-ín títí omi fi jáde lójú rẹ̀. Ó ní nígbà tí òun kọ́kọ́ dé Ìbàdàn, tí wọ́n bá ti kí òun pé "ẹ káàbọ̀", ńṣe ni òun máa ń wo ẹ̀yìn bóyá ẹlòmíràn ń tẹ̀ lé òun.

Ọ̀rọ̀ yìí ni ó jẹ́ kí n máa ro ohun tí ó ti ṣẹlẹ̀ létí omi Àpápá láti ọjọ́ pípẹ́. Èmi kọ́ ni mo kọ́kọ́ ṣi ọ̀rọ̀ gbọ́ níbẹ̀. Orúkọ Snake Island pàápàá, ẹni tí kò débẹ̀ rí á máa wá ejò kiri. Wọ́n ní nítorí pé ilẹ̀ náà gùn tí ó sì tẹ́ẹ́rẹ́ bí ejò ni wọ́n fi sọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Àwọn tí ó ń gbé ibẹ̀ ní orúkọ ìlú tiwọn, bí Ìgbológun, kí Nigerdock tí ń kan ọkọ̀ tó débẹ̀ ní àwọn ọdún 1980. Ṣùgbọ́n orúkọ kékeré nìyẹn. Àṣìgbọ́ mìíràn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ gba ilẹ̀ lọ́wọ́ onílẹ̀, òmíràn sì ti rọ ọba lóyè.

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti orí ọmọdé kan. Ní 1822, wọ́n kó ọmọkùnrin ará Òṣogùn kan tí ń jẹ́ Àjàyí sínú ọkọ̀ ẹrú àwọn Potogí ní Èkó. Ọkọ̀ náà kò tí ì jìnnà tí àwọn ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì fi mú un, ní ọjọ́ 7 oṣù April. Wọ́n gbé Àjàyí àti àwọn ọmọdé díẹ̀ lọ sínú ọkọ̀ ogun kan tí ń jẹ́ Myrmidon. Ọ̀rọ̀ ò sí láàárín àwọn ọmọ náà àti àwọn òyìnbó, ojú nìkan ni wọ́n fi ń ṣiṣẹ́. Wọ́n wò yíká, wọ́n rí ẹran tí wọ́n so rọ̀, awọ rẹ̀ funfun. Wọ́n rí nǹkan roboto tí wọ́n tò lọ rẹrẹẹrẹ lórí ọkọ̀. Wọ́n ní, ó parí! Ẹran ara ènìyàn nìyí, orí àwọn tí wọ́n pa sì nìyẹn. Àjàyí fúnra rẹ̀ ni ó kọ ọ́ sílẹ̀ ní 1837, nígbà tí ó ti di olùkọ́. Nígbà tí wọ́n sún mọ́ ẹran náà, wọ́n rí pátákò lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Ẹlẹ́dẹ̀ ni! Nílé wọn, iná ni wọ́n fi ń sun irun ẹlẹ́dẹ̀ kúrò, kò sí ẹni tí ó rí awọ rẹ̀ ní funfun rí. Wọ́n rọra yọ́ lọ síbi àwọn orí ènìyàn náà, wọ́n fọwọ́ kàn án, ọta ìbọn àgbá ni, irin lásán.

Mo fẹ́ràn ìtàn yìí nítorí pé àwọn ọmọ náà sún mọ́ ọn láti wò ó, tẹ̀rùtẹ̀rù. Èmi àgbà tí mo wà nínú ọkọ̀ Snake Island, ìka ni mo nà.

Ní Freetown tí wọ́n kó wọn lọ, àwọn èèyàn wa tí wọ́n gbà lọ́wọ́ olówò ẹrú pọ̀ jọ síbẹ̀: Ọ̀yọ́ wà, Ẹ̀gbá wà, Ìjẹ̀ṣà wà, Ìjẹ̀bú náà ò gbẹ́yìn. Nígbà náà kò tí ì sí orúkọ kan tí gbogbo wọn jọ ń jẹ́. Ohun tí àwọn ará ibẹ̀ ń gbọ́ lẹ́nu wọn láàárọ̀ lálẹ́ ni ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú ìrìn, ẹ kú ìjókòó, ẹ kú àìsùn. Ni wọ́n bá sọ wọ́n ní Aku. Ìkíni di orúkọ ìran! Títí dòní, Aku ni àwọn kan nínú ọmọ ọmọ wọn ní Gambia ń jẹ́.

Ẹ tún ìkíni yẹn yẹ̀ wò. Kò sí ohun tí ènìyàn lè máa ṣe láyé yìí tí a kò ní "ẹ kú" tirẹ̀. Ó ń kọ́lé, a kí i. Ó ń ṣọ̀fọ̀, a kí i. Ó jókòó tí kò ṣe nǹkan kan, a tún kí i. Ohun tí à ń sọ fún un ni pé a rí ibi tí ó wà. Gẹ̀ẹ́sì kò ní irú rẹ̀, nítorí náà àwa tí a ń fi Gẹ̀ẹ́sì jẹun ní Àpápá ní láti wá nǹkan fi dí àlàfo. "Ẹ kú iṣẹ́" di "well done", a sì ń fi kí ẹni tí kò tí ì ṣe ìdajì iṣẹ́ rẹ̀. "Mò ń bọ̀" di "I'm coming", ẹ̀yìn la sì kọ sí ènìyàn nígbà tí à ń wí i, à ń lọ! "Ẹ pẹ̀lẹ́" wá di "sorry".

"Sorry" yìí ti dá ìjà sílẹ̀ o. Ọ̀rẹ́ mi kan tí ó ṣiṣẹ́ ní wọ́ọ̀fù sọ fún mi nípa òyìnbó kan tí kò tí ì pẹ́ tí ó dé. Òyìnbó náà fẹsẹ̀ kọ okùn, ó ṣubú lulẹ̀ gbì. Àwọn lébìrà sáré yí i ká, "Sorry sir! Sorry sir!" Òyìnbó dìde, ojú rẹ̀ pọ́n bí ẹ̀jẹ̀. Èwo nínú yín ló fi okùn síbẹ̀? Nítorí pé lọ́dọ̀ tirẹ̀, bí ẹnì kan bá ṣubú tí ẹlòmíràn ní "sorry", ẹni tó fà á ló ń jẹ́wọ́ yẹn. Lọ́dọ̀ tiwa, ẹni tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀ ni ó kọ́kọ́ ń wí i. Ènìyàn mẹ́rin ni ó fẹ́ fìyà jẹ lọ́jọ́ náà nítorí pé wọ́n bá a kẹ́dùn. Ọlọ́run ló yọ wọ́n, ọ̀gá ọmọ Nàìjíríà kan wà nítòsí tí ó là á yé e.

Ọ̀rọ̀ okùn nìyẹn, ẹ jẹ́ kí á dórí ọ̀rọ̀ ilẹ̀.

Ní ọjọ́ 6 oṣù August, 1861, Ọba Dòsùnmú fọwọ́ sí ìwé tí ó gbé Èkó fún Ọbabìnrin Victoria. Ó ti kọ́kọ́ kọ̀. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ ogun Prometheus wà lójú omi pẹ̀lú ìbọn rẹ̀, àwọn ará Èkó kò sì tí ì gbàgbé ohun tí irú ìbọn bẹ́ẹ̀ fi ojú ìlú wọn rí ní 1851. Nítorí náà bí ẹnikẹ́ni bá ní àṣìgbọ́ ni gbogbo ọ̀rọ̀ náà, ọ̀rọ̀ dídùn ni onítọ̀hún fi ń bo ìbọn mọ́lẹ̀. Èmi ò ní bá a bò ó. Síbẹ̀ ìwé náà wà, ohun tí wọ́n kọ sínú rẹ̀ sì yẹ ní kíkà. Ó ní Dòsùnmú lè máa jẹ́ ọba, ní ìtumọ̀ tí àwọn ará Áfíríkà máa ń fún ọ̀rọ̀ náà. Ìtumọ̀ wo? Wọn ò kọ ọ́ síbẹ̀. Ó tún ní bí ilẹ̀ bá ń ti ọwọ́ ẹnì kan bọ́ sọ́wọ́ ẹlòmíràn, òǹtẹ̀ Dòsùnmú lórí ìwé ni yóò jẹ́ ẹ̀rí pé kò sí ọmọ onílẹ̀ mìíràn tí ó ní ẹ̀tọ́ síbẹ̀.

Ẹni tí ó bá mọ Èkó yóò mi orí. Ọba Èkó kọ́ ni ó ni ilẹ̀ Èkó. Àwọn Ìdẹ́jọ, olóyè onífìlà funfun tí ìtàn wọn lọ bá ti Ọlọ́fin, ni wọ́n ni ilẹ̀: Olúmẹ̀gbọ́n, Onírù, Ojóra, Olótò, Olúwa àti àwọn yòókù. Wọ́n ṣèlérí fún Dòsùnmú pé yóò máa gba 1,200 àpò owó ẹyọ lọ́dún, ó sì fọwọ́ sí ìwé lórí ohun tí kò sí lọ́wọ́ rẹ̀ láti fi tọrẹ.

Ilẹ̀ Àpápá, ti Olúwa ni. (Ẹni tí kì í bá ṣe ará Èkó, kí ó má tún ṣi èyí gbọ́ o: oyè ni Olúwa tí mò ń wí yìí, kì í ṣe Ọlọ́run Ọba.) Ní 1913, ìjọba gba ilẹ̀ ní Àpápá fún iṣẹ́ ìlú. Àmọ́dù Tìjání ni ó wà lórí oyè Olúwa. Ìjọba kò sọ pé àwọn ò ní san nǹkan kan. Ohun tí wọ́n ń sanwó fún gan-an ni ìjà dá lé lórí.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé rẹ̀ bí ó ti yé mi. Bí ẹ bá bi ará Àpápá kan léèrè nígbà náà pé ta ló ni ilẹ̀ yìí, yóò ní Olúwa ló ni ín. Ọ̀rọ̀ kékeré ni "ni" yìí, ṣùgbọ́n ẹrù tí ó ń gbé kò kéré. A máa ń ní, ta ló ni fìlà yìí? A máa ń ní, ta ló ni ọmọ yìí? A tún máa ń ní, ta ló ni ìlú? Ẹni tó ni fìlà lè tà á lọ́la, kò kan ẹnikẹ́ni. Ẹni tó ni ọmọ, ta ló máa gbọ́ pé ó tà á? Ẹni tó sì ni ìlú, ìlú ló ni òun náà. Ilẹ̀ Olúwa, ti ẹbí ni àti ti àwọn èèyàn tí ó wà lábẹ́ rẹ̀. Òun ló dúró fún wọn, òun ló ń pín in fún ẹni tí ó fẹ́ dáko tàbí tí ó fẹ́ kọ́lé, òun ló ń gba ìṣákọ́lẹ̀ lọ́wọ́ àlejò. Ó ni ín bí bàbá ṣe ni ilé tí òun àti àwọn àbúrò rẹ̀ jọ jogún.

Ẹjọ́ dé kóòtù Èkó. Àwọn adájọ́ òyìnbó gbọ́ gbogbo àlàyé, èrò wọn sì ni pé agbára àbójútó nìkan ni Olúwa ní. Ó ń gba owó díẹ̀díẹ̀ lórí ilẹ̀ bí àwọn ìjòyè ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́ ṣe ń gbà á, nítorí náà kí wọ́n san owó ohun tí ó pàdánù nínú ìyẹn fún un, ó tán. N kò rò pé àwọn adájọ́ náà purọ́. Wọ́n gbọ́ ọ̀rọ̀ Yorùbá, wọ́n wá ìkòkò Gẹ̀ẹ́sì tí wọn yóò rọ ọ́ sí, èyí tí kò gba inú ìkòkò náà, wọ́n dà á nù. Èyí tí wọ́n dà nù yẹn sì ni ilẹ̀ gan-an.

Olúwa ò gbà. Ó gbé ẹjọ́ rẹ̀ lọ sí London, síwájú ìgbìmọ̀ àwọn adájọ́ ọba tí à ń pè ní Privy Council. Ní 1920 ó wọ ọkọ̀ lọ sọ́hùn-ún fúnra rẹ̀, ẹni tí ó sì bá a lọ bí akọ̀wé ni Herbert Macaulay. Ṣé ẹ rántí ọmọ tí ó rí orí ènìyàn nínú ọkọ̀ ogun? Àjàyí yẹn ni ó di Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Ajayi Crowther, òun ni ó sì bí ìyá tí ó bí Macaulay. Bàbá àgbà kó ọ̀rọ̀ Yorùbá jọ sínú ìwé atúmọ̀ kan ní 1843 kí òyìnbó lè gbọ́ wa. Ọmọ ọmọ lọ kọ́ iṣẹ́ wíwọn ilẹ̀ ní Plymouth. Ó mọ ohun tí wọ́n ń pè ní ilẹ̀ lọ́hùn-ún, ó mọ ohun tí à ń pè ní ilẹ̀ níhìn-ín. Àwọn ọ̀tá Macaulay pọ̀ l'Ékòó, wọ́n sì ní ẹjọ́ tí wọ́n ń rò nípa rẹ̀. Ní ti èyí, èmi ò mọ ẹlòmíràn tí ó yẹ kí ó jókòó ti Olúwa.

Kí ìdájọ́ tó jáde ni wàhálà kejì bẹ̀rẹ̀ nílé. Macaulay mú ọ̀pá àṣẹ Elékòó, Ọba Èṣùgbàyí, dání lọ sí London. Àwọn ìwé ìròyìn ibẹ̀ rí ọ̀pá náà, wọ́n gbọ́ ọ̀rọ̀ lẹ́nu Macaulay, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ jáde bí ẹni pé ẹni tí ó ni ọ̀pá yìí ni ọba lórí ọ̀pọ̀ mílíọ̀nù ọmọ Nàìjíríà, tí owó tí ìjọba ń fún un kò sì tó nǹkan. Inú Gómìnà Clifford ru. Ẹ ò rí i bí ọ̀rọ̀ "ọba" tí wọ́n kọ̀ láti túmọ̀ ní 1861 ṣe padà wá ń jà! Ìjọba ní kí Elékòó rán alágogo yíká ìlú láti kéde pé ohun tí Macaulay wí kì í ṣe ọ̀rọ̀ òun. Elékòó ní òun kò rán an ní irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n òun kò ní lu agogo.

Lójú tèmi, ibí gan-an ni wọn ò ti gbọ́ ara wọn. Ní etí Clifford, agogo dà bí ìwé ìròyìn: a fi sọ ohun tí a fẹ́ kí ìlú gbọ́, ó parí. Ní etí Èkó, bí agogo ọba bá dún lórí orúkọ ènìyàn, ọba ti ta onítọ̀hún nù lójú gbogbo ayé, kò sì sí agogo mìíràn tí yóò tún un gbé. Kí ni Elékòó ì bá ṣe? Ní December 1920, ìjọba ní àwọn kò mọ̀ ọ́n ní ọba mọ́. Ní 1925 wọ́n lé e lọ sí Ọ̀yọ́. Ó di 1931 kí ó tó padà sí Èkó, ó sì wàjà ní 1932. Ó lé ní ọdún mẹ́wàá nítorí agogo!

Ìdájọ́ Olúwa jáde ní July 1921, Viscount Haldane ni ó sì gbé e kalẹ̀. Ó ní kí adájọ́ tí ó bá ń gbọ́ ẹjọ́ ilẹ̀ ní irú ibi bẹ́ẹ̀ ṣọ́ra gidi, nítorí pé ó rọrùn jù láti fi ọ̀rọ̀ òfin Gẹ̀ẹ́sì túmọ̀ ohun tí kò bá Gẹ̀ẹ́sì tan. Kí wọ́n kọ́kọ́ wádìí ìtàn àwọn ènìyàn náà àti bí wọ́n ṣe ń lo ilẹ̀ wọn. Ilẹ̀ ibẹ̀, ó ní, ti ìlú ni àti ti ẹbí. Ìgbà tí Dòsùnmú sì gbé Èkó sílẹ̀, ẹ̀tọ́ àwọn onílẹ̀ kò bá a lọ. Nítorí náà kí wọ́n san owó fún Olúwa bí ẹni tí ó gba odidi ilẹ̀ lọ́wọ́ odidi ìlú. Owó tí wọ́n san jẹ́ £22,500.

Ohun kan pa mí lẹ́rìn-ín nínú rẹ̀. Ọ̀rọ̀ pé ilẹ̀ jẹ́ ti ẹbí, àwọn àgbà Èkó ti wí i títí ẹnu fi fẹ́rẹ̀ẹ́ bó wọn. Ṣùgbọ́n inú ìwé tí adájọ́ òyìnbó kan, Rayner, kọ ní 1898 ni Haldane ti mú un. Àfi bí ẹni pé dandan ni kí ọ̀rọ̀ wa gba ẹnu òyìnbó jáde kí ó tó wọ etí òyìnbó. Kí n má ṣe àbòsí ṣá o: Rayner ti jókòó gbọ́ ọ kí ó tó kọ ọ́, ó sì lé ní ogún ọdún tí ìwé rẹ̀ fi ń dúró de Olúwa.

Ní 1926 ni ọkọ̀ òkun bẹ̀rẹ̀ sí í gúnlẹ̀ sí wọ́ọ̀fù tuntun ní Àpápá. Iṣẹ́ dé, èrò tẹ̀ lé e. Àwọn ọ̀gá ń gbé inú ọgbà òdòdó ní Àpápá. Lébìrà, awakọ̀ àti alápatà ń lọ sùn ní Ajégúnlẹ̀: Ìlàjẹ, Ìjọ́, Urhobo, Ìsẹ́kírì, Ìgbò, Haúsá, Yorùbá oríṣiríṣi, yàrá kọjú sí yàrá nínú ilé kan náà. Wọ́n hun èdè kan fún ara wọn tí olúkúlùkù ní òwú nínú rẹ̀. "Sabi" àti "pikin" ti ọwọ́ Potogí wá, "wahala" ti ọwọ́ Haúsá, "una" ti ọwọ́ Ìgbò, àwa ló ni "oga". Mo gbé ibẹ̀ fún ọdún mẹ́fà. Ìyá Urhobo kan wà ní yàrá kejì sí tiwa, tí àwọn ọmọ rẹ̀ máa ń kúnlẹ̀ kí àgbà pé "migwo", èyí tí ó túmọ̀ sí pé mo wà lórí ìkúnlẹ̀. Láàárín oṣù kan, ìyá Ìjẹ̀bú tí ó ni ilé ti ń dá wọn lóhùn pé "vrendo" bí ẹni tí wọ́n bí sí Warri.

Ṣùgbọ́n kí n má fi adùn nìkan ro ọbẹ̀ Ajégúnlẹ̀ fún yín. Ní ìparí ọdún 1999, ìjà bẹ́ níbẹ̀ láàárín àwọn Ìjọ́ àti àwọn Yorùbá, lẹ́yìn tí Ìlàjẹ àti Ìjọ́ ti ń jà nílé lọ́hùn-ún. Ènìyàn kú, ilé jó. Ẹni tí ó wà níbẹ̀ nígbà náà sọ fún mi pé ohun tí ó bani lẹ́rù jù ni kí wọ́n dá ènìyàn dúró kí wọ́n ní kí ó sọ̀rọ̀. Ní irú ìgbà bẹ́ẹ̀, kò sí ẹni tí ń gbọ́ ohun tí ènìyàn ń wí mọ́. Ibi tí ó ti wá ni wọ́n ń gbọ́. Nígbà tí mo wá ronú pé mo ti dìde nínú ọkọ̀, láàárín èrò, tí mo ń bi ọmọ Ìlàjẹ bóyá wọn ò kọ́ ọ nílé, ara mi bù máṣọ.

Oṣù méjì lẹ́yìn náà ni iṣẹ́ tún gbé mi lọ sí Snake Island. Ọkọ̀ mẹ́ta wà ní èbúté, mo sì dúró de ti ọmọ náà. Ó dá mi mọ̀. Ní gbogbo ọ̀nà ni mo ti ń wá ọ̀rọ̀ tí n óò fi bẹ̀ ẹ́, gbogbo èyí tí ó wá sí mi lẹ́nu ni ó ní "ẹ" nínú. Mo mọ̀ pé bí mo bá ní "ẹ má bínú", ẹ̀yìn ni yóò wò.

Mo ní, "Pẹ̀lẹ́ nípa ọjọ́sí. Mi ò mọ̀ ni."

Ó wò mí díẹ̀. Ó ní, "Kò tọ́pẹ́. O ti jẹun?"

Mo ní mo ti jẹun. Ó ní kí n bọ́ sáàárín, ẹ̀gbẹ́ ibi tí mo fẹ́ jókòó sí ń jò. Mo bọ́ sáàárín, mo sì jókòó.